Erin tó ń dá wọ oko ọ̀gẹ̀dẹ̀: kò sọnù o

Àbúrò, o ní erin kékeré kan ń dá wọ oko rẹ létí Igbó Ọmọ́, o ń bèèrè bóyá ó sọnù àti bóyá kó o lé e. Kò sọnù. Akọ ni, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ búra. Akọ erin tó bá ti lé dáadáa lọ́mọ ọdún 10 á bẹ̀rẹ̀ sí í yẹra fún ìyá rẹ̀, títí á fi bá tirẹ̀ lọ. Abo ló máa ń dúró ti ìyá.

Èyí tó ba oko tèmi jẹ́ kì í dá rìn. Ìyá tòun tọmọ ni. Ọmọ náà ò tíì mọ ọwọ́jà rẹ̀ lò, ńṣe ló ń tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, ẹnu ló fi ń mumi nínú kòtò tí mo gbẹ́. Ni ajá mi bá gbó wọn. Ajá ò ní dúró jà o! Ọ̀dọ̀ rẹ ló máa sá wá, ìyá erin á sì máa bọ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Kò ké. Àyà mi kàn ń gbọ̀n bí ẹni dúró ti jẹnẹrétọ̀ ńlá ni. Wọ́n ní ohùn kan tó lọlẹ̀ tí etí wa kì í gbọ́ tán, òun ni wọ́n fi ń pe ara wọn lókèèrè. Ahéré mi wó lulẹ̀, ọ̀gẹ̀dẹ̀ ò kù.

Àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba dé, wọ́n ya fọ́tò, wọ́n ní kí n má fọwọ́ kan erin. Ta ló fẹ́ fọwọ́ kan erin? Onímọ̀ kan tó bá wọn wá tún ní tí wọ́n bá yìnbọn pa àgbà, àwọn kékeré á sá. Irọ́ gbuu! Ní Pilanesberg, ọgbà ẹranko kan ní South Africa, àwọn akọ erin tí èèyàn pa ìyá wọn ní Kruger, ọgbà ẹranko mìíràn níbẹ̀, dàgbà láìsí akọ àgbà tó máa kó wọn níjàánu. Àgbáǹréré tí àwọn akọ erin yìí pa lé ní 40. Akọ àgbà 6 tí wọ́n kó wá lọ́dún 1998 ló pa wọ́n lẹ́nu mọ́.

Tó o bá rí omi tó ń ṣàn láàárín ojú àti etí akọ, tí ìtọ̀ ń kán sí i lẹ́sẹ̀, ìgbà tó ń wá abo ló wà, orí rẹ̀ gbóná; má dúró wòran.

Lílé ńkọ́? Ata gbígbẹ àti ìgbẹ́ màlúù ni kó o pò pọ̀ sun, èéfín rẹ̀ ni erin ń sá fún. Ní Kẹ́ńyà, ilé oyin ni wọ́n ń so yí oko ká, torí erin ń sá fún oyin. Ṣùgbọ́n kọ́kọ́ wo ẹrẹ̀ etí odò. Tí ipasẹ̀ kékeré bá wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ńlá, so ajá mọ́lẹ̀, kó o lọ sùn sábúlé.