Ṣé orin òyìnbó ni rọ́ọ̀kì?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Orin ni mò ń kọ́ àwọn ọmọ ní ilé-ẹ̀kọ́ girama kan n'Ìbàdàn. Mo fẹ́ kọ́ wọn bí ìgbà ṣe ń yí rọ́ọ̀kì padà, àmọ́ wọ́n ní orin òyìnbó ni. Ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

Ìdáhùn: Ẹ má ti ọ̀dọ̀ Elvis Presley, olórin rọ́ọ̀kì aláwọ̀ funfun, bẹ̀rẹ̀. Ẹ wá fídíò Sister Rosetta Tharpe fún wọn, adúláwọ̀ tó ń kọrin ìyìn pẹ̀lú gìtá oníná lọ́rùn. Ẹ fún wọn ní Strange Things Happening Every Day tó gbà sílẹ̀ ní 1944 gbọ́, wọn á dá rọ́ọ̀kì mọ̀ nínú rẹ̀.

Lẹ́yìn náà, ẹ bi wọ́n pé kí ló sọ gìtá di oníná. Àwọn adúláwọ̀ ń sá fún oko òwú àti òfin ẹlẹ́yàmẹ̀yà ní ìhà gúúsù orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà, wọ́n ń wá iṣẹ́ lọ sí àwọn ìlú ńlá ìhà àríwá. Muddy Waters, olórin blues adúláwọ̀, kúrò ní Mississippi lọ sí Chicago ní 1943. Ariwo ilé ọtí ibẹ̀ bo gìtá lásán mọ́lẹ̀, ló bá mú ti oníná. Òun náà ló júwe Chess, ilé-iṣẹ́ tó ń gba orin sílẹ̀, fún Chuck Berry, olórin rọ́ọ̀kì adúláwọ̀ tó gbé orin Maybellene jáde níbẹ̀ ní 1955.

Orin Hound Dog ni kí ẹ fún ní àkókò jù. Big Mama Thornton, obìnrin adúláwọ̀, gbà á sílẹ̀ ní 1952; Elvis tún un kọ ní 1956, òkìkí rẹ̀ sì kàn kárí ayé. Ẹ jẹ́ kí wọ́n gbọ́ méjèèjì tẹ̀léra, kí wọ́n fúnra wọn sọ ohun tó yàtọ̀. Àmọ́ ẹ sọ fún wọn pé ọ̀dọ́kùnrin aláwọ̀ funfun méjì, Leiber àti Stoller, ló kọ orin náà fún Thornton, kí wọ́n má baà rò pé ọ̀rọ̀ náà rọrùn tó bẹ́ẹ̀.

Láyé ìgbà yẹn, okùn ni wọ́n máa ń ta sáàárín gbọ̀ngàn, dúdú lápá kan, funfun lápá kejì. Ní September 1964, àwọn Beatles, ẹgbẹ́ olórin rọ́ọ̀kì láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ní àwọn ò ní ṣeré ní Jacksonville ní Amẹ́ríkà bí wọ́n bá ya ìjókòó sọ́tọ̀. Wọn ò yà á.

Ẹ fi Ofege, ẹgbẹ́ olórin rọ́ọ̀kì ọmọ Nàìjíríà, parí rẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ St. Gregory's l'Ékòó ni wọ́n nígbà tí wọ́n ṣe àwo Try and Love ní 1973.