Láti Ìdí Kọ̀ǹpútà sí Ẹ̀gbẹ́ Kámẹ́rà

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ọdún kẹsàn-án rèé tí mo ti ń gé fíìmù, tí mo sì ń so ó pọ̀, ní ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan ní Abẹ́òkúta níbí. Mo fẹ́ di olùdarí, ṣùgbọ́n ọ̀gá mi ní ẹni tó ń jókòó ti kọ̀ǹpútà láti àárọ̀ dalẹ́ kò lè pàṣẹ fún òṣèré. Ṣé òótọ́ ni? – Òǹkàwé, Ìbarà.

Ìdáhùn: Ọ̀gá yín nìkan kọ́ ló máa ń sọ bẹ́ẹ̀, àmọ́ kò rí bẹ́ẹ̀. Ìdí gígé fíìmù ni David Lean, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wà kí òun àti Noël Coward, òṣèré àti òǹkọ̀wé eré, tó jọ darí fíìmù ní 1942. Robert Wise ló gé fíìmù Citizen Kane ti 1941, nígbà tó sì di olùdarí, ẹ̀ẹ̀mejì ló gba Oscar, ẹ̀bùn fíìmù ńlá ti Amẹ́ríkà, fún iṣẹ́ olùdarí, bíi ti Lean. Túndé Kèlání, olùdarí fíìmù tó dàgbà sí Abẹ́òkúta wa níbí, ẹ̀yìn kámẹ́rà ni tirẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀.

Ohun tí ẹ ní lọ́wọ́ kò kéré. Bí aláàdìrẹ bá fi ọwọ́ ọ̀tún na aṣọ sókè ní ọjà Ìtòkú nígbà tí kámẹ́rà wà lókèèrè, tó wá di ọwọ́ òsì nígbà tí wọ́n sún mọ́ ọn, ẹ̀yin lẹ máa kọ́kọ́ rí i, nítorí pé ẹ ti jẹ ìyà irú rẹ̀ rí. Ibi tí ìṣòro wà ni pé ojú ẹni tó ń gé fíìmù máa ń wà níbi tí yóò ti gé e. Ó ṣe èmi náà. Lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ darí eré, bí ìyá àgbà kan ṣe sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ tán báyìí ni mo pariwo pé kí wọ́n pa kámẹ́rà, ẹ̀yìn ìyẹn gan-an ni omijé bọ́ lójú wọn. Wọ́n wò mí, wọ́n ní: “Ọmọ mi, ṣé bí ọ̀rọ̀ ṣe tán yẹn, ẹkún náà ti tán ni?” A tún un yà lẹ́ẹ̀mẹta, omijé náà kò wá mọ́.

Nítorí náà, ẹ bẹ ọ̀gá yín pé kí wọ́n jẹ́ kí ẹ máa tẹ̀ lé olùdarí kan jáde, kí ẹ máa wo bó ṣe ń bá òṣèré sọ̀rọ̀ kí kámẹ́rà tó bẹ̀rẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ tọrọ ètò kékeré, ìṣẹ́jú márùn-ún péré, kí ẹ darí rẹ̀ fúnra yín. Ẹ jẹ́ kí ẹlòmíràn gé e, ẹ má sì wọ yàrá náà títí yóò fi pè yín.