Ìbéèrè Yín, Èsì Wa: Ọkọ̀ Tí Oògùn Ń Wà

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń kọ ìtàn àròsọ lẹ ni abala tòní. Ìbéèrè mẹ́ta ló wọlé lórí ọ̀rọ̀ kan náà: ẹ́ńjìnnì tó ń fi agbára oògùn gbé ọkọ̀ rìn.

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olóòtú. Kánàkò ni mo fi ṣe ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ inú ìtàn mi. Mo kọ ọ́ pé bí awakọ̀ ṣe fọwọ́ kàn án báyìí, ọkọ̀ ta kìjí, gbogbo èrò sì ṣubú sẹ́yìn. Ọ̀rẹ́ mi tó kà á ní irọ́ ni. Kí ni mo ṣe tí kò dáa?

Èsì: Ọ̀rẹ́ yín ló jàre. Ẹ tú orúkọ oògùn náà wò: ká ọ̀nà kò. Ọ̀nà ló ń ká, kì í ṣe ẹsẹ̀ ló ń mú yá. Ẹni tó lò ó ń rìn bó ṣe máa ń rìn tẹ́lẹ̀, ilẹ̀ ló kúrú fún un. Ohun tó ń bi èrò ṣubú ni kí eré ọkọ̀ yí padà lójijì. Ọkọ̀ tó bá kúrò lójú kan tó sì bọ́ sórí eré kìlómítà 60 ní wákàtí láàárín ìṣẹ́jú àáyá 1 péré, agbára tó máa fi ti èèyàn sẹ́yìn á ju ìwúwo onítọ̀hún lọ. Kánàkò ò fọwọ́ kan eré rárá, nítorí náà ẹni tó gbé ife omi dání nínú ọkọ̀ yẹn, omi rẹ̀ ò gbọdọ̀ dà.

Ẹ wá mú iye ìlọ́po tó ń ká ọ̀nà, kẹ́ ẹ sì dúró tì í dé òpin ìwé. Ká ní ìlọ́po 10 ni. Èkó sí Ìbàdàn, tó tó kìlómítà 130, di 13. Bí ọkọ̀ bá ń lọ ní ìrìn ẹsẹ̀, kìlómítà 5 ní wákàtí, wákàtí 2 àti ìṣẹ́jú 36 ló máa gbà á.

Ibi tí wàhálà wà ni kìlómítà 117 tẹ́ ẹ ká mọ́lẹ̀. Àwọn tó ń gbé lójú ọ̀nà yẹn ńkọ́? Ṣé wọn ò mọ̀ pé nǹkan kọjá lórí wọn ni, àbí ilé wọn mì? Tí oògùn bá sì tú nígbà tí ọkọ̀ ṣì wà láàárín, ọ̀nà á tẹ́ padà bí ẹní. Ọkọ̀ tí iwájú rẹ̀ ti jáde, tí ìdí rẹ̀ ṣì wà nínú ìká, ó lè fà ya. Èyí ni kẹ́ ẹ fi bi àwọn èrò yín ṣubú, tẹ́ ẹ bá fẹ́ kí wọ́n ṣubú dandan.

Ìbéèrè: Tèmi ń gbé ọkọ̀ onígi ròkè ni, èèyàn 8 ló wà nínú rẹ̀, epo pupa ló sì ń mu. Mélòó ni kí n ní ó ń mu?

Èsì: Ẹ kọ́kọ́ wọn ẹrù. Èèyàn 8 ní kílò 70 jẹ́ 560. Ẹ fi 440 kún un fún igi ọkọ̀ àti ẹrù, ó di kílò 1,000. Láti gbé e ga ní mítà 100, agbára tó tó kilojoule 980 (kilojoule ni wọ́n fi ń wọn agbára) ló ń fẹ́. Bó bá ń gòkè ní mítà 1 ní ìṣẹ́jú àáyá kọ̀ọ̀kan, agbára ẹṣin 13 ti tó o, agbára alùpùpù lásán.

Nǹkan bíi kilojoule 33,000 ló wà nínú lítà epo pupa 1. Ẹ má jẹ́ kí ẹ́ńjìnnì rí gbogbo rẹ̀ lò o. Ẹ fún un ní ìdá kan nínú mẹ́rin, nǹkan bíi 8,000, ìyẹn á gbé ọkọ̀ dé mítà 100 nígbà mẹ́jọ. Ṣùgbọ́n ìdá mẹ́ta tó kù ò sọnù, ooru ló dà, inú ọkọ̀ onígi ló sì wà. Láti fi omi gbé irú ooru bẹ́ẹ̀ jáde, ẹ ó sè tó lítà 10 di oru. Epo lítà 1, omi lítà 10. Lójú tiwa, ibí gan-an ni ìtàn yín wà: ní aṣálẹ̀, ta ló máa mu omi, èrò àbí ẹ́ńjìnnì?

Bó bá dúró sójú kan lókè, ọwọ́ yín ló kù sí. Àpò tí a fi kọ́ ìṣó kì í jẹ epo, ṣùgbọ́n hẹlikọ́pítà ń jẹ ẹ́, nítorí afẹ́fẹ́ ló ń tì sísàlẹ̀ láìsinmi. Èyí tó wù yín, ẹ rántí òfin tí Isaac Newton tẹ̀ jáde ní 1687, tí gbogbo atukọ̀ ti mọ̀ lọ́wọ́ àjẹ̀: ohun tí o bá tì ń tì ọ́ padà. Bí ẹ́ńjìnnì yín bá ń ti ohun tó wà lábẹ́ rẹ̀, òrùlé tó bá rọra kọjá lórí rẹ̀ ru kílò 1,000 nìyẹn.

Ìbéèrè: Gángan ni awakọ̀ mi fi ń pàṣẹ fún ẹ́ńjìnnì. Ó lu “Sáré”, ó lọ. Ó lu “Dúró”, ó dúró. Ṣé ó bọ́ sí i?

Èsì: Rárá o, ọkọ̀ yẹn á pa èèyàn. Ohùn nìkan ni ìlù ń sọ, kò lè pe “s” yàtọ̀ sí “d”. Sáré: mí-mí. Dúró: mí-mí. Ìdí nìyí tí onílù fi ń na ọ̀rọ̀ gùn. Ẹ jẹ́ kó lu “Sáré máa lọ”, mí-mí-mí-re-re, àti “Dúró síbẹ̀”, mí-mí-mí-dò. Ìparí wọn ti yàtọ̀.

Àṣẹ ẹnu ò ní ìṣòro yẹn, ṣùgbọ́n ó ní tirẹ̀. Awakọ̀ tó gbọ̀n tó fẹ́ sọ pé “Ọkọ̀, dìde” lè pe ọkọ, kí ọkọ ìyàwó kan dìde nínú èrò. Ó sì lè pe ọkọ́ tàbí ọ̀kọ̀.

Ẹ ṣọ́ òjò pẹ̀lú. Awọ gángan tó bá gbọrinrin máa ń dẹ̀, ohùn rẹ̀ á wálẹ̀, mí àná á wá dún bíi re. Kí ẹ́ńjìnnì má ṣe há ohùn kan sórí. Kí awakọ̀ máa lu dò, re, mí fún un kó tó gbéra, kó sì tún un lù lẹ́yìn òjò. Kẹ́ ẹ sì so agogo irin kan mọ́ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, tí òjò ò lè ṣe nǹkan kan fún: bó bá lù ú lẹ́ẹ̀kan péré, kí ẹ́ńjìnnì kú.