Èsì: Ta ló ń jogún ilé ní Olympos?

Ẹ kú ìbéèrè o, ẹ̀gbọ́n. Ẹ bèèrè bóyá ọkùnrin nìkan ló ń jogún ní àwọn erékùṣù Gíríìsì tó jìnnà láyé àtijọ́. Olympos ni mo máa mú, abúlé orí òkè ní àríwá erékùṣù Karpathos.

Rárá o. Ilé àti ilẹ̀ ìyá, àkọ́bí obìnrin ni wọ́n ń fún. Ti bàbá di ti àkọ́bí ọkùnrin. Kanakara ni wọ́n ń pe ọmọbìnrin yẹn, owó wúrà ló sì máa ń so sí àyà lọ́jọ́ àjọ̀dún. Ohun tó dùn mí níbẹ̀ ni ti àwọn àbúrò: ọwọ́ òfo ni wọ́n ń bá lọ. Àwọn mìíràn ń ṣiṣẹ́ fún ẹ̀gbọ́n wọn, àwọn mìíràn wọkọ̀ ojú omi lọ sí òkè òkun.

Nígbà tí ọ̀pọ̀ ọkùnrin ti lọ, àwọn obìnrin ló ń dáko, pẹ̀lú bàtà awọ gígùn lẹ́sẹ̀ wọn. Ẹ̀rọ tí afẹ́fẹ́ ń yí ló ń lọ ọkà wọn, ààrò onígi tó wà níta ni wọ́n sì ti ń yan búrẹ́dì. Àwọn ìyá àgbà kan ṣì ń wọ aṣọ ìbílẹ̀ wọn lójoojúmọ́.