Ṣé "ilé ìfẹ́" ni ìtumọ̀ Ilé-Ifẹ̀?

Olùkọ́ kan tó ń kọ́ àwọn ọmọ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní ìlú Ifẹ̀ béèrè ohun méjì. Ó ka ìwé pélébé kan tí wọ́n ṣe fún àwọn àlejò tó ń wá wo ìlú, ó sì rí i pé wọ́n túmọ̀ Ilé-Ifẹ̀ sí ilé tí ìfẹ́ ń gbé. Ó fẹ́ mọ̀ bóyá òun lè fi kọ́ àwọn ọmọ. Ó tún fẹ́ mọ ohun tí ìlà kékeré tó wà láàárín Ilé àti Ifẹ̀ ń ṣe níbẹ̀, nígbà tí kò sí irú rẹ̀ nínú Iléṣà.

Kí ó má fi kọ́ wọn. Mo mọ̀ pé ìtumọ̀ náà dùn létí, ó sì dára láti fẹ́ràn ìlú ẹni, ṣùgbọ́n èdè wa kò gbà á. Bí a bá yọ àmì orí àti ti abẹ́ kúrò, lẹ́tà mẹ́ta kan náà, i, f àti e, ni a lè fi kọ ọ̀rọ̀ mẹ́ta tí kò bára tan. Ife tí a fi ń bu omi mu kò ní àmì kankan, re re ni ohùn rẹ̀. Ìfẹ́ tó wà láàárín ọkọ àti aya jẹ́ dò mí. Ifẹ̀ tó jẹ́ ìlú jẹ́ re dò. Ẹ fi ìfẹ́ àti Ifẹ̀ wé ara wọn dáadáa: sílébù àkọ́kọ́ wọn kò dọ́gba lóhùn, èkejì pàápàá kò dọ́gba. Ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ ọ láìwo ìwé, kí ó dúró díẹ̀ ní ibùdókọ̀ ní Iléṣà níbi tí wọ́n ti ń pe èrò. "Ifẹ̀! Ifẹ̀! Ẹ wọlé, Ifẹ̀!" ni ẹ ó máa gbọ́, ohùn yóò sì máa wálẹ̀ ní ìparí ọ̀rọ̀ ní gbogbo ìgbà. Kò sí èrò kan níbẹ̀ tí yóò rò pé ìfẹ́ ni wọ́n ń pè.

Ọ̀rọ̀-ìṣe tó wà nínú orúkọ náà, gẹ́gẹ́ bí àwọn àgbà ṣe ń sọ ọ́, ni fẹ̀, irú èyí tí a ń lò bí a bá ní ojú ọ̀nà fẹ̀. Nínú ìtàn ìṣẹ̀dá tí wọ́n ń sọ ní Ifẹ̀, omi ló bo gbogbo ayé. Olódùmarè gbé yẹ̀pẹ̀ àti adìẹ ẹlẹ́sẹ̀ márùn-ún lé Ọbàtálá lọ́wọ́ pé kí ó lọ dá ilẹ̀. Ẹmu pa á lọ́nà, Odùduwà sì gba ẹrù náà, ó fi ẹ̀wọ̀n rọ̀ sílẹ̀, ó da yẹ̀pẹ̀ sórí omi, ó sì sọ adìẹ lé e. Bí adìẹ náà ti ń fi ẹsẹ̀ tú yẹ̀pẹ̀ ká ni ilẹ̀ ń fẹ̀, tó ń fẹ̀ lọ, ibẹ̀ ni wọ́n sì ń pè ní Ifẹ̀. Àwọn mìíràn máa ń sọ ìtàn yìí lọ́nà tó yàtọ̀ díẹ̀, pàápàá lórí ẹni tó parí iṣẹ́ náà, ṣùgbọ́n fífẹ̀ ilẹ̀ kì í kúrò nínú rẹ̀. Bí ẹnìkan bá ní ìtàn yìí kì í ṣe ẹ̀rí bí ayé ṣe bẹ̀rẹ̀, n kò ní bá a jiyàn. Ohun tí mo ń wò ni pé ìtàn náà àti ohùn orúkọ náà bára mu. Àfòmọ́ i- tó ní ohùn àárín (re), èyí tí a fi ṣáájú fẹ̀ kí ó tó di orúkọ, kò ṣàjèjì pẹ̀lú, nítorí òun náà la rí nínú ijó àti ikú. Kódà àwọn àgbàlagbà tó ń sọ ẹ̀ka-èdè Ifẹ̀ á pe ìlú wọn ní Ufẹ̀, bí àwọn Ìjẹ̀ṣà ṣe ń pe ilé ní ulé. Fáwẹ̀lì iwájú yí padà, fẹ̀ kò yí.

Báwo wá ni àṣìṣe náà ṣe wọlé? Ọ̀nà tí a gbà ń kọ orúkọ ìlú sílẹ̀ ló fà á. Láti ìgbà tí Àjàyí Crowther ti tẹ ìwé ọ̀rọ̀ Yorùbá rẹ̀ jáde ní 1843 ni àwọn ènìyàn ti ń wá bí wọn yóò ṣe fi lẹ́tà àwọn Òyìnbó kọ èdè wa. Ní 1875, ìpàdé kan ní Èkó fẹnu kò lórí àkọtọ́, wọ́n sì gba àmì abẹ́ ẹ, ọ àti ṣ wọlé. Ṣùgbọ́n ìwé ìjọba, pátákó ojú ọ̀nà àti taipuráítà kò bá wọn pé níbi ìpàdé náà. Wọ́n sọ Iléṣà di Ilesha, wọ́n sọ Òṣogbo di Oshogbo, h sì ń ṣe iṣẹ́ àmì abẹ́. Ifẹ̀ ló wá burú jù, nítorí kò sí lẹ́tà tí wọ́n lè fi rọ́pò ohun tí wọ́n yọ. Láti 1962 tí Yunifásítì Ifẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ títí di 1987 tí wọ́n fi orúkọ Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ sọ ọ́, Ife lásán ni wọ́n ń kọ sára ìwé rẹ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì. Àkọtọ́ tí ìjọba fọwọ́ sí ní 1974 ti dá h náà dúró nínú ìwé Yorùbá, síbẹ̀ pátákó ṣì pọ̀ tí kò tíì gbọ́.

Ní ti ìlà kékeré, ọ̀rọ̀ méjì tí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ṣì lè dá dúró ló so pọ̀. A lè yọ Ilé kúrò kí a sì sọ pé Ifẹ̀ là ń lọ. Ilé yìí ń sọ nípa orírun, bíi ti Ọ̀yọ́-Ilé tó jẹ́ Ọ̀yọ́ àtijọ́. Àwọn ènìyàn tó ń jẹ́ Ifẹ̀ sì wà ní Tógò àti ní Bẹ̀nẹ̀ títí di òní. Iléṣà kò rí bẹ́ẹ̀. Ó ti di ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo, kò sì sí ẹni tí yóò sọ pé Ṣà ni òun ń lọ.

Nítorí náà, kí olùkọ́ wa kọ Ilé-Ifẹ̀ sójú pátákó pẹ̀lú gbogbo àmì rẹ̀, kí ó sì jẹ́ kí àwọn ọmọ fi dò re mí pè é kí ó tó sọ ìtàn adìẹ náà fún wọn. Bí ó bá ń kọ ọ́ lórí fóònù tí kò gba gbogbo àmì, kí ó wá bí yóò ṣe fi ti ẹ tó kẹ́yìn sí i, ti abẹ́ àti ti orí.