Ṣé Monticello àti Poplar Forest, ilé méjì tí Thomas Jefferson, ààrẹ Amẹ́ríkà kẹta, ní ní ìpínlẹ̀ Virginia, ṣe é rí lọ́jọ́ kan ṣoṣo?

Ẹ kú ìbéèrè. Ó ṣe é ṣe, bí ẹ bá ní ọkọ̀ tí ẹ sì tètè jí. Ẹ kọ́kọ́ lọ sí Monticello ní Charlottesville láàárọ̀, kí ẹ wá gba ọ̀nà 29 lọ sí Poplar Forest, nítòsí Lynchburg, lọ́sàn-án. Tó bá jẹ́ ìgbà òtútù lẹ ń lọ, ẹ kọ́kọ́ wo ọjọ́ tí Poplar Forest ń ṣílẹ̀kùn. Tíkẹ́ẹ̀tì Monticello, ẹ rà á sílẹ̀ lórí íntánẹ́ẹ̀tì.

Mo bẹ̀ yín, ẹ má wo ilé Thomas Jefferson nìkan kí ẹ máa lọ. Ẹ dé Mulberry Row, ojú ọ̀nà kan nínú Monticello, níbi tí àwọn ẹrú ti ń rọ irin, tí wọ́n ti ń hun aṣọ, tí ọ̀pọ̀ wọn sì ń gbé. Ẹni tó kọ ọ́ sínú Ìkéde Òmìnira Amẹ́ríkà ní 1776 pé ọgbọọgba ni a dá gbogbo ènìyàn ní ẹrú tó lé ní 600 láyé rẹ̀! Lẹ́yìn ikú rẹ̀, ní 1827, wọ́n kó nǹkan bí 130 ènìyàn sórí gbàǹjo nítorí gbèsè tó fi sílẹ̀. Ẹ tún wọ yàrá tí wọ́n ṣí ní 2018 láti sọ ìtàn Sally Hemings, ẹrú tó bímọ fún un.

Poplar Forest kéré sí Monticello: ilé oníhà mẹ́jọ tí Jefferson bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ní 1806, kó lè máa sá fún àlejò. Oko ẹrú lòun náà.

Bí àkókò ò bá tó, ẹ sún Poplar Forest di ọjọ́ kejì. Ẹ má gé Mulberry Row kúrú.