Kí ló dé tí elbow (ìgbọ̀nwọ́ páìpù) ínṣì ½ inú kátálọ́ọ̀gì àwòrán páìpù mi lórí kọ̀ǹpútà fi kéré jù, tí ti ínṣì 4 sì péye?

Fọ́múlà yín, ìwọ̀n páìpù lọ́nà 1.5, ló fà á. Fún elbow 90° long radius (èyí tó tẹ̀ gbọọrọ), ó bá ASME B16.9, ìwé ìlànà ìwọ̀n àwọn ohun ìsopọ̀ páìpù, mu ní ínṣì 4: 152 mm láti àárín dé ẹnu. Ní ínṣì ½, 19 mm ló máa gbé jáde, bẹ́ẹ̀ 38 mm ló wà nínú ìwé ìlànà. Ẹ má ṣírò ó rárá; ẹ kọ ọ́ sínú tábìlì, ìwọ̀n kọ̀ọ̀kan ní ìlà tirẹ̀.

Ìbú ìta páìpù náà ńkọ́? Tábìlì kan náà ni. Ti ínṣì 4 jẹ́ 114.3 mm, kì í ṣe 101.6, ó di ínṣì 14 kí ìwọ̀n tí wọ́n fi ń pe páìpù àti ìbú ìta rẹ̀ tó bára mu. Ẹ tún yẹ ojú ìsopọ̀ wò, ìyẹn ibi tí páìpù ti ń so mọ́ elbow nínú àwòrán: bí kò bá sí ní ẹnu elbow gan-an, òfuurufú ni páìpù máa so mọ́.